Ìlà Àárín Fótò

Láti ọjọ́ tí Danladi awakọ̀ ti gbé bàtà ọmọ méjì dé láti Màídúgùrì ni Rẹ̀mílẹ́kún onífótò kò ti rí oorun gidi sùn mọ́. Bàtà náà rẹwà, a ò ní purọ́ mọ́ ọn. Awọ pupa ni, ìdè rẹ̀ ń kọ mànà, ìwọ̀n kan náà ni ti ọmọ méjèèjì. Ràfíátù onídìrí ló kó wọn wá sí ṣọ́ọ̀bù fótò tó wà ní Gawon Nama, ní Sókótó, ó tò wọ́n sórí káńtà, ó ń rẹ́rìn-ín bí ẹni tí wọ́n fi ipá mú.

“Àǹtí Rẹ̀mí, ẹ bá mi wò ó. Bàbá Ìbejì ló fi rán Danladi.”

Rẹ̀mílẹ́kún wo bàtà, ó wo ojú rẹ̀. “Ta ló ni ìkejì?”

“Kẹ́hìndé ni.”

“Kẹ́hìndé wo?”

Ràfíátù ń fi ìka nu eruku tí kò sí lára bàtà. “Ó ní kí wọ́n bá òun kí Táíwò, kí wọ́n bá òun kí Kẹ́hìndé. Ó ní òun ń bọ̀ wá ṣọdún Iléyá.”

Ẹ jẹ́ n sọ ọ́ bí wọ́n ti ń sọ ọ́ nílé wa: Kẹ́hìndé ti rìnrìn àjò. A kì í la ẹnu pe ikú mọ́ ìbejì. Nígbà ooru ọdún yẹn ni àrùn ọrùn líle tí àwọn Hausa ń pè ní sankarau wọ Gidan Igwai, àdúgbò wọn, ó sì mú ọmọkùnrin ọlọ́dún mẹ́rin náà lọ kí ìyá rẹ̀ tó mọ̀ pé ibà kọ́ ni. Gbogbo ará Ògbómọ̀ṣọ́ tó wà ní Sókótó ló wà níbi ìsìnkú, àfi bàbá ọmọ. Yísà jórinjórin wà lọ́hùn-ún, ó kọjá Màídúgùrì, níbi tí kọ́ńpìnnì kan ti ń ṣe afárá. Kò sí fóònù níbẹ̀, àfi kéèyàn rán awakọ̀ níṣẹ́.

“Ràfíátù, ṣé o fẹ́ sọ fún mi pé Yísà ò mọ̀?”

“Mo fẹ́ sọ fún un, Àǹtí. Ọlọ́run ló gbọ́, mo fẹ́ sọ.”

“Kí lo wá fi ránṣẹ́ sí i látìgbà yẹn?”

“Fótò,” ni Ràfíátù dáhùn, ohùn rẹ̀ ò sì ju ti ẹ̀fọn lọ. “Èyí tí ẹ yà.”

Yéè! Rẹ̀mílẹ́kún fi ìdí lélẹ̀ sórí àga tí àwọn oníbàárà ń jókòó sí. Kò tíì sí ẹni tó bú u, kò tíì sí ẹni tó nà án, ṣùgbọ́n ṣe ló dà bíi pé wọ́n ti mú un.

Ẹ má dá a lẹ́bi kí ẹ tó gbọ́. Àṣà wa ni. Bí ìbejì bá ṣẹ́ ku ẹyọ kan, ìyá á gbé èyí tó kù lọ sọ́dọ̀ onífótò, onífótò á yà á lẹ́ẹ̀mejì, á sì pa á pọ̀ sórí pépà kan ṣoṣo, kí ìyá lè máa rí àwọn ọmọ rẹ̀ pọ̀. Bàbá Rẹ̀mílẹ́kún ṣe é fún ọ̀pọ̀ ìyá ní Ìlá Ọ̀ràngún, ọ̀dọ̀ rẹ̀ náà lòun ti kọ́ ọ. Nítorí náà, nígbà tí Ràfíátù gbé Táíwò wá, tó gbé ẹ̀wù ọmọkùnrin kékeré mọ́ àyà, Rẹ̀mílẹ́kún kò bi í ní ohunkóhun. Ó tún bá a sunkún díẹ̀. Ta ló máa ronú pé ẹnì kan fẹ́ fi irú fótò bẹ́ẹ̀ ṣe irọ́?

Wọ́n wọ Táíwò ní gáùn tirẹ̀, wọ́n gbé e sí apá kan àga gígùn, wọ́n yà á. Wọ́n bọ́ gáùn, wọ́n yọ yẹtí, wọ́n wọ̀ ọ́ ní bùbá àti ṣòkòtò Kẹ́hìndé, wọ́n dé e ní fìlà, wọ́n gbé e sí apá kejì, wọ́n tún yà á. Nínú yàrá òkùnkùn, Rẹ̀mílẹ́kún fi páálí dúdú bo ìdajì pépà, ó tan iná sí ìdajì tó kù. Lẹ́yìn náà ló pààrọ̀ nẹ́gátíìfù, ó bo èyí tó ti gba iná, ó tan iná sí èkejì. Ibi tí etí páálí bá dé, ibẹ̀ ni ìlà ń wà, iṣẹ́ onífótò sì ni pé kí ìlà yẹn má hàn. Kí nǹkan kan má kọjá níbẹ̀, ìbáà ṣe ọwọ́ ọmọ, ìbáà ṣe etí aṣọ, torí gígé ni yóò gé.

“Ṣé wọn ò lè di ara wọn mú ni?” Ràfíátù ti béèrè lọ́jọ́ náà.

“Kò ṣeé ṣe, Ìyá Ìbejì. Kí kálukú gbé ọwọ́ lé itan ara rẹ̀.”

Táíwò ò gbọ́ ìyẹn. Ó ṣáà ń na ọwọ́ sí ẹ̀gbẹ́ ibi tí kò sí ẹnikẹ́ni, Rẹ̀mílẹ́kún sì ń dá ọwọ́ náà padà sórí itan rẹ̀. Nígbà tí fótò gbẹ tán, ó gbẹ́ ẹnu pẹ́ńsùlù ṣóńṣó, ó fi dí ihò yẹtí ní etí èyí tó jẹ́ ọkùnrin. Ìlà kò hàn rárá. Inú rẹ̀ dùn sí iṣẹ́ ara rẹ̀ lọ́jọ́ yẹn, ìyẹn gan-an ló wá ń jẹ ẹ́ lọ́kàn báyìí.

“Kí ló dé tó ò sọ fún un?” ni Rẹ̀mílẹ́kún bi Ràfíátù lọ́jọ́ tí bàtà pupa dé.

Ràfíátù wá ń sunkún gidi. Ó ní kí Yísà tó lọ ló ti kìlọ̀ fún òun pé kí òun kó àwọn ọmọ lọ sílé ní Ògbómọ̀ṣọ́ kí ooru tó wọlé, torí ọdún tó kọjá náà, àrùn yẹn jà. Òun sì dúró, òun ní kí àwọn ọmọ iṣẹ́ òun méjì gba fìrídọ́ọ̀mù ná, kí òun tó lọ. “Wọ́n ń ṣe fìrídọ́ọ̀mù lọ́wọ́ ni ara Kẹ́hìndé gbóná. Báwo ni mo ṣe fẹ́ fi ìyẹn rán awakọ̀, Àǹtí? Kí ni kí n ní kó sọ?”

Rẹ̀mílẹ́kún bá a kó bàtà padà sínú ọ̀rá.

Láti ọjọ́ náà ni ìfòyà ti wọ ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ẹ̀rù ohun tó máa ṣẹlẹ̀ sí Ràfíátù ló kọ́kọ́ bà á: Yísà kì í ṣe ẹni burúkú, ṣùgbọ́n ọkùnrin tó bá fi ọmọ méjì sílẹ̀, tó wá bá ẹyọ kan, tó sì gbọ́ pé ìkìlọ̀ òun ni wọn ò tẹ̀lé, ta ló mọ ohun tó lè ṣe? Ó lè kọ ìyàwó yẹn sílẹ̀ lọ́dún ku ọ̀la. Ó sì lè gba ọmọ kan tó kù lọ́wọ́ rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni ọwọ́ ta ló ṣe fótò tí wọ́n fi tàn án? Ọwọ́ òun Rẹ̀mílẹ́kún.

Lẹ́yìn ìyẹn ni ẹ̀rù ara rẹ̀ náà wá dé. Nínú gbogbo onífótò Gawon Nama, òun nìkan ni obìnrin, ìdí ẹ̀ sì nìyẹn tí àwọn alhaji fi ń jẹ́ kó wọ ẹ̀hìnkùlé wọn. Ó ń ya àwọn ìyàwó tí kì í jáde, ó ń ya ìyàwó tuntun pẹ̀lú làálì lẹ́sẹ̀, nẹ́gátíìfù kan kì í sì í sọnù. Wọ́n gbà á gbọ́. Bí ọ̀rọ̀ bá ta sí wọn létí pé obìnrin yìí máa ń fi fótò jí òkú dìde kó lè tan bàbá ọmọ jẹ, ilé wo ni yóò tún wọ̀ ní Sókótó?

Ọkọ rẹ̀, Fádípẹ̀, tó ń kọ́ àwọn ọmọ ní ìṣirò ní ilé ẹ̀kọ́ olùkọ́, ò rí i bí ohun bàbàrà. “Ṣé ìwọ lo gbé e fún awakọ̀ ni? Jẹun, jọ̀ọ́.” Ọkùnrin! Bí ẹ bá fọ́ ìgò sí àárín ilé, wọ́n á ní kí ẹ jẹun ná.

Rẹ̀mílẹ́kún wá gbọ̀nà ilé Bàbá Oyèlárán lọ. Oníbúrẹ́dì ni bàbá náà, òun sì ni àgbà àwọn ará Ògbómọ̀ṣọ́ ní ìlú. Ó bá a lẹ́nu ààrò, ìyẹ̀fun wà ní irùngbọ̀n rẹ̀.

“Ẹ̀yin bàbá, ta ló sọ fún Yísà?”

“Sọ kí ni?”

“Ọ̀rọ̀ Kẹ́hìndé.”

Bàbá Oyèlárán kúrò lẹ́nu ààrò. “Mo rò pé àwọn ará mọ́sáláṣí ti rán ẹni lọ. Àgbà ẹni ló ń lọ sọ irú ẹ̀, wọn kì í fi rán ọmọdé, wọn kì í sì í sọ ọ́ fún ẹni tó dá wà ní ìdálẹ̀.”

“Mo ti ti mọ́sáláṣí bọ̀. Àwọn náà ní àwọn rò pé ẹ̀yin ti rán ẹni lọ.”

“Ha!” Bàbá fi ọwọ́ ìyẹ̀fun gbá orí. “Yísà ò mọ̀!”

Ẹ wá wo ọ̀rọ̀ o. Odidi àdúgbò! Wọ́n mọ bí wọ́n ṣe ń kí ọlọ́fọ̀, wọ́n mọ bí wọ́n ṣe ń gbàdúrà ọjọ́ mẹ́jọ, wọ́n sì mọ irú ẹni tó yẹ kó tú ọ̀rọ̀ ìbànújẹ́. Gbogbo wọn wá fi ọ̀wọ̀ dákẹ́ síra wọn títí oṣù fi gorí oṣù. Inú ń bí mi bí mo ṣe ń sọ ọ́ yìí.

Wọ́n fi ẹnu kò pé bí ọdún bá ku ọ̀la, Bàbá Oyèlárán àti àwọn àgbà méjì yóò lọ dúró ní gáréèjì, wọ́n á mú Yísà lọ sílé ọ̀kan nínú wọn, wọ́n á fún un lómi mu, wọ́n á sọ ọ́ fún un kó tó dé ọ̀dọ̀ ìyàwó rẹ̀. Ó dáa létí. Rẹ̀mílẹ́kún padà sílé, ọkàn rẹ̀ ò sì balẹ̀ ní nǹkan kan.

Iléyá ń súnmọ́lé. Àwọn sójà ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé ìjọba fún àwọn alágbádá, gbogbo ènìyàn ló fẹ́ ya fótò ọdún náà, àgbò ti kún ọjà ẹran Kasuwar Kara, a ò gbọ́ ọ̀rọ̀ ara ẹni mọ́. Ìgbà tó yẹ kí inú onífótò máa dùn ni òun ń ṣọ́ ẹnu ọ̀nà. Gbogbo ọkùnrin tó bá ru ẹrù kọjá níwájú ṣọ́ọ̀bù ló ń jọ Yísà lójú rẹ̀. Ó ṣí ẹ̀yìn kámẹ́rà lójú ọ̀sán gangan, fíìmù ìyàwó tuntun ilé Alhaji Tanko sì bàjẹ́ pátápátá, ohun tí kò ṣẹlẹ̀ sí i rí. Ó gbé ife tíì sẹ́gbẹ̀ẹ́ omi tó fi ń fọ fótò, díẹ̀ ló kù kó mu omi fótò dípò tíì.

“Mai Hoto, lafiya dai?” Hadiza, obìnrin tó ń ta fura lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, bi í léèrè bóyá àlàáfíà ni. “O ń bá ara rẹ sọ̀rọ̀ látàárọ̀.”

“Lafiya lau,” ó dáhùn. Alááfíà wo?

Ràfíátù ń wá lójoojúmọ́, ó ń rù sí i. Ó ní bóyá òun á sọ pé Kẹ́hìndé wà lọ́dọ̀ ìyá Yísà nílé, kí ọdún lè kọjá ná. Rẹ̀mílẹ́kún ní kó má dán an wò. Ràfíátù ní òun ti gbọ́. Ojú rẹ̀ fi hàn pé kò gbọ́.

Ọdún kò tíì ku ọ̀la. Àwọn àgbà ò tíì múra gáréèjì. Rẹ̀mílẹ́kún ń gbá iwájú ṣọ́ọ̀bù láàárọ̀ nígbà tí òjìji ènìyàn bo eruku tó ń gbá. Ó gbójú sókè. Yísà ni. Ó ti dúdú sí i, Táíwò wà ní èjìká rẹ̀, ọmọ náà wọ bàtà pupa.

“Ẹ káàárọ̀, Àǹtí. Ẹ kú iṣẹ́.”

Ìgbálẹ̀ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. “Bàbá Ìbejì! Ẹ… ẹ káàbọ̀. Ìgbà wo lẹ dé?”

“Àná ni. Mo bá ọkọ̀ ẹja gbígbẹ wọlé.” Ó gbé ọmọ sọ̀ kalẹ̀. “Ẹ jẹ́ ká wọlé.”

Rẹ̀mílẹ́kún rò ó pé bóyá kí òun pe Hadiza. Ó wo kámẹ́rà lórí ẹsẹ̀ rẹ̀ mẹ́ta, kámẹ́rà tí bàbá rẹ̀ fún un, ó sì bọ́ síwájú rẹ̀ láìmọ̀, bí ẹni tó fẹ́ gbà á lọ́wọ́ ẹni tó fẹ́ fọ́ ọ. Yísà ti ọwọ́ bọ àpò àyà rẹ̀, ó yọ nǹkan kan tí wọ́n fi ọ̀rá wé, ó tú u, ó gbé e ka orí káńtà. Àwọn ìbejì ń wò wọ́n láti inú pépà.

“Ẹ̀yin lẹ ya èyí?”

“Èmi ni.”

“Iṣẹ́ yín dára. Ihò etí ò hàn rárá.”

Rẹ̀mílẹ́kún kúnlẹ̀. “Bàbá Ìbejì, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín…”

“Ẹ jókòó, Àǹtí. Ẹ má bẹ̀ mí. Ọjọ́ tí mo ṣí i ni mo ti mọ̀.” Ó gbé ìka lé àárín fótò, níbi tí àyè wà láàárín ọmọ méjèèjì. “Ibí ni. Ẹ̀yin lẹ yà wọ́n nígbà tí wọ́n pé ọdún méjì. Ẹ rántí? Ẹ ní kẹ́ ẹ yọ ọwọ́ Kẹ́hìndé lára gáùn Táíwò, ó figbe ta, ẹ sì fi í sílẹ̀. Àwọn ọmọ yẹn ò jókòó rí kí wọ́n má di ara wọn mú. Oorun gan-an, bí wọ́n ṣe ń sùn nìyẹn. Kálukú wá gbé ọwọ́ lé itan níbí bí àlejò. Ọmọ Yorùbá lèmi náà, mo mọ irú fótò yìí. Mo jókòó sílẹ̀ nínú yanrìn níbẹ̀.”

Omi bọ́ lójú Rẹ̀mílẹ́kún. “Ẹ sì ra bàtà ọmọ méjì.”

“Mo ní kí n ra ti Táíwò nìkan. Ọwọ́ mi kọ̀.” Ó ń fi ọ̀rá wé fótò náà padà. “Mo ń dúró kí ẹnì kan wá sọ fún mi. Nígbà tí kò sẹ́ni tó wá, mo ní ó dáa náà, kí n ṣì máa jẹ́ bàbá ọmọ méjì. Mo bínú o, Àǹtí. Ẹ má jẹ́ n tàn yín. Mo kìlọ̀ fún Ràfíátù, kò gbọ́. Mo bínú títí ó fi rẹ̀ mí. Àná tí mo wá wọlé, tí mo béèrè Kẹ́hìndé, ó ní ó wà lọ́dọ̀ ìyá mi. Ó sọ ọ́ wéré bí ẹni tó há a sórí. Ó wá gbé oúnjẹ fún mi, abọ́ ń gbọ̀n lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì ti gbẹ bí igi. Mi ò mọ bí mo ṣe fẹ́ sọ fún un pé mo mọ̀. Ẹ̀rù ń bà mí kó má lọ ṣubú lulẹ̀ mọ́ mi lọ́wọ́. Mo ní kó múra wá bá wa níbí, pé a fẹ́ ya fótò ọdún.”

“Níbí? Lónìí?”

Kò tíì dákẹ́ tí Ràfíátù yọ lẹ́nu ọ̀nà. Ó ti lé tìróò, ó wọ aṣọ tuntun, aṣọ náà ń jó lára rẹ̀ torí ó ti rù. Ó wo Yísà, ó wo Rẹ̀mílẹ́kún, ó ń wá ohun tí wọ́n ti sọ lójú wọn. Rẹ̀mílẹ́kún kò lè wò ó padà. Ó yí sẹ́yìn kámẹ́rà, ó ń tún ohun tí kò bàjẹ́ ṣe.

Wọ́n gbé Táíwò sí àárín àga gígùn. Ràfíátù jókòó sí ẹ̀gbẹ́ kan. Yísà dúró.

“Bàbá Ìbejì,” Ràfíátù sọ, ó ń yára, “ṣé ká má kúkú dúró de Kẹ́hìndé? Tó bá ti Ògbómọ̀ṣọ́ dé, ká yà á pọ̀, kó má baà sunkún.”

Hadiza ń po fura níta, ìró ṣíbí rẹ̀ nìkan là ń gbọ́.

“Ẹ yà wá báyìí, Àǹtí,” ni Yísà wí. Ohùn rẹ̀ rọ̀. “Àwa mẹ́ta náà la kù.”

Ràfíátù kò ké. Ó kàn la ẹnu sílẹ̀, ó ń wo ọkọ rẹ̀, gbogbo ara rẹ̀ ń gbọ̀n láti orí dé ẹsẹ̀. Táíwò ò mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀. Ó sún díẹ̀ sọ́dọ̀ ìyá rẹ̀ láti fi àyè sílẹ̀, bó ti máa ń ṣe, ó na ọwọ́ sí ẹ̀gbẹ́ tí kò sí ẹnikẹ́ni. Rẹ̀mílẹ́kún ti gbé ẹsẹ̀ láti lọ dá ọwọ́ náà padà sórí itan, bí iṣẹ́ ṣe kọ́ ọ. Ó dúró. Yísà wá jókòó sí àyè náà, ọmọ sì di ẹ̀wù rẹ̀ mú. Ó na apá rẹ̀ kọjá lẹ́yìn ọmọ, ó gbé e lé èjìká ìyàwó rẹ̀, ibẹ̀ ni Ràfíátù ti wá bú sẹ́kún.

“Mo dúró, mi ò lọ,” ó ń wí. “Ẹ ní kí n lọ, mi ò lọ.”

“Mo mọ̀,” ni Yísà ń wí. “Mo mọ̀. Mo ti mọ̀ tipẹ́.”

Rẹ̀mílẹ́kún ò ríran dáadáa mọ́ nínú kámẹ́rà. Ó tẹ̀ ẹ́ bẹ́ẹ̀.

Fótò náà ò dára. Ó ṣú díẹ̀, ojú wọn fà bí ohun tó wà lábẹ́ omi, ọwọ́ Táíwò nìkan ló hàn kedere lára ẹ̀wù bàbá rẹ̀. Rẹ̀mílẹ́kún tijú gbé e fún wọn lẹ́yìn ọdún, ó bẹ̀ wọ́n kí òun tún un yà lọ́fẹ̀ẹ́. Wọn ò gbà. Ràfíátù ra férémù sí i, ó gbé e kọ́ sí ṣọ́ọ̀bù ìdìrí rẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ti ìbejì. Bí oníbàárà bá béèrè pé ta ló mira nínú wọn tí fótò fi rí báyìí, á ní kò sẹ́ni tó mira.

“Ọwọ́ onífótò ló gbọ̀n,” á sì máa bá irun lọ.